Ọ̀ṣun Ni Ó Ṣìkẹtàdínlógún: Ìtàn Ojú àti Ohùn Àwa Onísẹ̀ṣe Lórí Tẹlifíṣàn

Kí n tó la ẹnu mi sọ̀rọ̀, mo júbà Olódùmarè. Mo júbà Ọ̀rúnmìlà, Ẹlẹ́rìí Ìpín. Mo júbà olúwo tí ó fi ọwọ́ mi mú ọ̀pẹ̀lẹ̀, tí ó ti wàjà báyìí. Kí ìbà mi ṣẹ.

Ẹ̀yin onísẹ̀ṣe, ẹ̀yin olùfẹ́ àṣà, àti ẹ̀yin tí ẹ kàn fẹ́ mọ ohun tí Ifá ń wí, mo kí yín láti Àjọwá-Àkókó. Nínú àwọn ẹ̀kọ́ wa àtẹ̀yìnwá, ẹsẹ Ifá ni a máa ń gbé kalẹ̀ tí a sì ń túmọ̀. Lónìí, ìtàn ni mo fẹ́ sọ, ṣùgbọ́n Ifá ni yóò ṣáájú wa lọ síbẹ̀. Àwọn ọmọ awo tí ó wà lọ́dọ̀ mi máa ń bi mí pé kí ni ó dé tí ó fi jẹ́ pé, bí babaláwo bá yọjú lórí tẹlifíṣàn, ìṣẹ́jú díẹ̀ ni ènìyàn yóò fi mọ̀ pé ìkà ni wọ́n fẹ́ fi í ṣe. Ìbéèrè ńlá ni. Ẹni tí yóò dáhùn rẹ̀ ní láti padà sẹ́yìn, kí ó wo bí tẹlifíṣàn ṣe dé ilẹ̀ yìí, ta ni wọ́n kọ́kọ́ rí nínú rẹ̀, àti ta ni wọn kò pè síbẹ̀.

Ohun tí Ifá wí nínú Ọ̀ṣẹ́tùúrá

Ẹni tí ó ti pẹ́ nídìí Ifá mọ ìtàn inú Ọ̀ṣẹ́tùúrá. N kò ní kọ ẹsẹ náà síhìn-ín, nítorí ohùn ni a fi ń sun ún, àwọn àgbà sì ní bí wọ́n ṣe ń sun ún. Kókó rẹ̀ ni mo fẹ́ mú jáde.

Nígbà tí Olódùmarè rán àwọn Irúnmọlẹ̀ wá sí òde ayé láti wá tún un ṣe, mẹ́tàdínlógún ni wọ́n. Mẹ́rìndínlógún jẹ́ ọkùnrin, Ọ̀ṣun nìkan ni obìnrin àárín wọn. Wọ́n dé, wọ́n la igbó Orò, wọ́n la igbó Ọpa, wọ́n ń pàdé, wọ́n ń pín iṣẹ́ láàrin ara wọn. Kò sí ẹni tí ó pe Ọ̀ṣun sí i. Lójú wọn, obìnrin tí ó ń di irun, tí ó ní òòyà lọ́wọ́, kí ni yóò wá sọ níbi tí àwọn àgbà ti ń gbìmọ̀? Ọ̀ṣun dákẹ́. Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà, ohun tí wọ́n bá ṣe kì í gún mọ́. Wọ́n bẹ òjò, òjò kò rọ̀. Wọ́n wo aláìsàn, ara aláìsàn kò yá. Wọ́n ní kí àgàn bímọ, àgàn kò bí. Nígbà tí ó sú wọn, wọ́n padà tọ Olódùmarè lọ. Ìbéèrè tí Olódùmarè bi wọ́n kò gùn: mélòó ni ẹ̀yin tí mo rán? Wọ́n ní mẹ́tàdínlógún ni. Ó ní ẹnì kẹtàdínlógún yín ńkọ́, ṣé ẹ ń pè é?

Wọ́n padà wá bẹ Ọ̀ṣun. Oyún wà nínú rẹ̀ nígbà náà. Ó ní bí ọmọ inú òun bá jẹ́ ọkùnrin, òun yóò jẹ́ kí ó máa bá wọn jókòó. Bí ó bá jẹ́ obìnrin, ọ̀rọ̀ òun àti tiwọn ti parí. Òrìṣà Ńlá fi àṣẹ sí i, ọmọ náà sì jẹ́ ọkùnrin. Òun ni Ọ̀ṣẹ́tùúrá, òun ni ó sì ń gbé ẹbọ dé òde ọ̀run títí di òní.

Ẹ jẹ́ kí a mú ohun mẹ́ta níbẹ̀. Èkíní, Ọ̀ṣun kò jìnnà. Ó bá wọn wá, ó ń gbé láàrin wọn. Wọn kò pè é ni. Èkejì, nígbà tí wọn kò pè é, kì í ṣe òun nìkan ni ìyà jẹ, gbogbo ayé ni kò gún. Ẹ̀kẹta ni ó ṣe pàtàkì jù fún ìtàn wa lónìí: wọn kò tún nǹkan ṣe nípa pé kí ọ̀kan nínú àwọn mẹ́rìndínlógún máa gba ẹnu rẹ̀ sọ̀rọ̀. Ẹni tí yóò jókòó nípò rẹ̀ gbọ́dọ̀ ti inú rẹ̀ jáde.

Ẹni tí wọn kò fún láyè ni ó kọ́ ilé ohùn

Ní oṣù kẹta ọdún 1953, Anthony Enahoro gbé àbá kalẹ̀ nílé aṣòfin ní Èkó pé kí Nàìjíríà máa ṣe ìjọba ara rẹ̀ ní 1956. Àbá náà dá rúkèrúdò sílẹ̀, àwọn aṣòfin ẹgbẹ́ Action Group sì dìde kúrò nílé. Gómìnà òyìnbó tí ó wà lórí àlééfà, Sir John Macpherson, bọ́ sórí rédíò, ó di ẹ̀bi ọ̀rọ̀ náà ru àwọn aṣòfin wọ̀nyí. Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ní kí wọ́n fún òun láyè lórí rédíò kan náà kí òun lè fèsì. Wọn kò fún un. Ìjọba ni ó ni rédíò, ẹni tí ìjọba kò bá sì fẹ́ gbọ́, ohùn rẹ̀ kò ní jáde.

Nígbà tí òfin ọdún 1954 gba àwọn ẹkùn láyè láti ní ilé-iṣẹ́ ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́ tiwọn, ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn kò jẹ́ kí ó tutù. Wọ́n bá ilé-iṣẹ́ Overseas Rediffusion láti ìlú ọba da owó pọ̀. Ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959, WNTV bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Ìbàdàn, wọ́n sì ń pe ara wọn ní àkọ́kọ́ ní Áfíríkà. Ẹlẹ́ẹ̀kejì dé ní Ẹnúgù ní 1960, Kàdúná àti Èkó tẹ̀lé e ní 1962. Owó kòkó wà nínú iṣẹ́ ńlá tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn ṣe láyé ìgbà náà, àwọn àgbẹ̀ Àkókó wa sì wà lára àwọn tí ó gbin kòkó náà.

Mo fẹ́ kí ẹ ṣe àkíyèsí ìdí tí wọ́n fi kọ́ ọ. Àìrí àyè sọ̀rọ̀ ni ó bí tẹlifíṣàn ilẹ̀ wa. Nítorí náà, ẹni tí ó bá ń béèrè lónìí pé kí wọ́n fún òun láyè nínú rẹ̀ kò béèrè ohun tuntun. Ohun tí ó fa ìpìlẹ̀ ilé náà ni ó ń rán onílé létí.

Ojú tí Áfíríkà kọ́kọ́ rí

Ta wá ni ó kọ́kọ́ yọjú? Obìnrin ni. Aníkẹ́ Agbájé-Williams, tí wọ́n bí ní 1936, ni ojú àkọ́kọ́ tí àwọn òǹwòran rí lórí WNTV. Nígbà tí ó jẹ́ pé ọkùnrin ni ó pọ̀ jù lọ nínú àwọn tí ń ka ìròyìn káàkiri ayé, ní Ìbàdàn, obìnrin Yorùbá ni ó kí àwọn ènìyàn káàbọ̀ sídìí àpótí tuntun náà. Kì í ṣe pé wọ́n gbé e síbẹ̀ bí òdòdó lásán. Ó dúró sẹ́nu iṣẹ́ náà fún ọ̀pọ̀ ọdún, ó gun òkè títí tí ó fi di ọ̀kan nínú àwọn tí ń pinnu ètò tí yóò jáde, ó sì fẹ̀yìntì ní 1986. Ibẹ̀ ni iyì wà, nítorí ọ̀tọ̀ ni ẹni tí a ń wò, ọ̀tọ̀ ni ẹni tí ń pinnu ohun tí a ó wò. Aníkẹ́ ṣe méjèèjì.

Ní àkókò kan náà, Julie Coker, tí ó gba adé ẹwà Ìwọ̀-Oòrùn ní 1957, dara pọ̀ mọ́ WNTV. Ó ní ẹ̀jẹ̀ Ìtsẹ̀kírì. Ẹ rántí pé kí wọ́n tó dá ẹkùn Àárín-Gbùngbùn-Ìwọ̀-Oòrùn sílẹ̀ ní 1963, Ìwọ̀-Oòrùn kò jẹ́ ti Yorùbá nìkan. Ẹ̀dó, Ùròbò, Ìtsẹ̀kírì àti àwọn mìíràn wà níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn náà, ní 1976, Julie Coker gbé àwo orin kan jáde tí ó fi èdè Ìtsẹ̀kírì kọ. Ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ gẹ́gẹ́ bí ohùn Gẹ̀ẹ́sì tí ó dán mọ́rán padà sí èdè ìyá rẹ̀. Ìyẹn tún sọ fún wa pé ojú lè wọlé kí èdè máà tíì wọlé.

Ẹ fi èyí wé ìlú ọba. Ní 1968, Barbara Blake Hannah, ọmọ Jàmáíkà, di aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tí ó ń ṣe oníròyìn lójú kámẹ́rà lórí tẹlifíṣàn ibẹ̀, ní Thames Television. Ọdún kò yípo tí wọ́n fi dá a dúró, nítorí pé àwọn òǹwòran ń kọ lẹ́tà pé àwọn kò fẹ́ rí i. Ó di 1981 kí Moira Stuart tó jókòó ka ìròyìn lórí tẹlifíṣàn BBC gẹ́gẹ́ bí obìnrin aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́. Lọ́hùn-ún, àwọ̀ ara ni wọ́n fi ń dènà. Níbí, ní ilẹ̀ tí gbogbo wa ti dúdú, ẹ̀sìn àti èdè ni ilẹ̀kùn tí wọ́n tì mọ́ àwọn kan.

Ṣàngó wọlé, oníṣàngó dúró síta

Èdè Yorùbá bá àwọn eléré wọ tẹlifíṣàn. Láti ọdún 1965 ni Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá, ti ń pa àwọn ènìyàn lẹ́rìn-ín lórí WNTV. Hubert Ògúnǹdé wà níbẹ̀, Dúró Ládípọ̀ wà níbẹ̀. Adébáyọ̀ Fálétí, akéwì àti òǹkọ̀wé, ṣiṣẹ́ níbẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ó sì pẹ́ tí ó fi jẹ́ òpó fún èdè Yorùbá lórí afẹ́fẹ́. Ẹ̀yin tí ẹ mọ eré Ọba Kò So, tí Ládípọ̀ kọ́kọ́ ṣe ní 1963, ẹ mọ̀ pé eré náà gbé ọlá Ṣàngó yọ dé ìlú Berlin ní ọdún tí ó tẹ̀lé e. Mo bọ̀wọ̀ fún un gidigidi. Ọmọ olùkọ́ni ìjọ Àǹgílíkà ni, ṣùgbọ́n ó jókòó ti àwọn oníṣàngó, ó gbọ́ oríkì lẹ́nu wọn, kò sì bu àbùlà sí i.

Síbẹ̀, ẹ jẹ́ kí a sọ ọ́ bí ó ṣe rí. Ṣàngó ni a rí lórí tẹlifíṣàn, a kò rí oníṣàngó. Ọ̀rọ̀ àwọn baba wa wọlé, àwọn baba wa fúnra wọn jókòó síta. Lọ́jọ́ ìsinmi, àlùfáà ìjọ yóò sọ̀rọ̀ ní orúkọ ìjọ rẹ̀. Lọ́jọ́ Jímọ̀, ààfáà yóò sọ̀rọ̀ ní orúkọ Ìsìláàmù. Bí ó bá di tiwa, eléré ni yóò wọ aṣọ wa. Bí ó ti wù kí eléré náà dára tó, bí eré bá parí, yóò bọ́ aṣọ náà. Kò sí ẹni tí yóò bi í léèrè bóyá ohun tí ó wí ni Ifá wí.

Babaláwo di olóòtú

Èyí ni ó fi jẹ́ pé iṣẹ́ Olóyè Ifáyẹmí Ẹlẹ́buìbọn ní ààyè ọ̀tọ̀ nínú ìtàn yìí. Òṣogbo ni wọ́n ti bí i ní 1947. Láti kékeré ni ó ti wà nídìí Ifá, kì í ṣe ẹni tí ó fi ìwé kíkà nìkan mọ̀ ọ́n, ó sì di Àwíṣẹ Òṣogbo. Òun ni ó gbé ètò Ifá Olókun Asọ̀rọ̀dayọ̀ jáde lórí tẹlifíṣàn. Nínú ètò náà, ìtàn inú ẹsẹ Ifá di eré tí àwọn ènìyàn ń wò, babaláwo fúnra rẹ̀ ni ó sì wà nídìí rẹ̀, òun ni ó mọ ibi tí ìtàn ti wá àti ibi tí ó ń lọ.

Mo lè jẹ́rìí sí ohun tí ètò yẹn ṣe lágbègbè wa. Ilé tí ó ní tẹlifíṣàn kò pọ̀ nígbà náà. Ẹlòmíràn á fi bátìrì mọ́tò tan tirẹ̀, àwọn ará àdúgbò á sì kún ojú fèrèsé. Ọmọ awo ni mí, mo máa ń gbé àpò Ifá tẹ̀lé olúwo mi, àwọn ẹlẹgbẹ́ mi tí ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì àti mọ́ṣáláṣí sì máa ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Ètò yìí kò sọ wọ́n di onífá. Ohun tí ó ṣe ni pé ó yí ìbéèrè ẹnu wọn padà. Ṣáájú, ohun tí wọ́n máa ń bi mí ni bóyá mo lè sọ ènìyàn di ewúrẹ́. Lẹ́yìn náà, wọ́n ń bi mí pé odù wo ni ìtàn tí àwọn wò lánàá ti jáde, àti kí ni ó ṣẹlẹ̀ sí ẹni tí kò rúbọ. Ọmọdé tí ó bá ń béèrè irú ìbéèrè bẹ́ẹ̀ ti mọ̀ pé ìmọ̀ ni òun ń bá pàdé.

Ẹ padà sí Ọ̀ṣẹ́tùúrá. Ẹni tí yóò jókòó nípò Ọ̀ṣun gbọ́dọ̀ ti inú Ọ̀ṣun jáde. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàrin eléré tí ó wọ aṣọ babaláwo àti babaláwo tí ó di olóòtú ètò nìyẹn. Bí àwọn méjèèjì bá tilẹ̀ sọ ọ̀rọ̀ kan náà, ẹnì kan ni a lè lọ bá nílé lọ́la kí a bi í pé kí ni ó dé tí o fi wí bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí afẹ́fẹ́ di ọjà

Ní 1992, ìjọba ológun gbé òfin kejìdínlógójì jáde, wọ́n dá àjọ NBC sílẹ̀ láti máa bójú tó ìgbóhùnsáfẹ́fẹ́, wọ́n sì gba àwọn aládàáni láyè láti dá ilé-iṣẹ́ tiwọn sílẹ̀. Àkókò yìí náà ni fíìmù orí fídíò gbòde. Ẹgbẹ́ eléré onígbàgbọ́ Mount Zion, tí Mike Bamiloye dá sílẹ̀ ní 1985, gbé Agbára Ńlá jáde ní 1993. Kò sí ilé tí ọmọdé wà ní ilẹ̀ Yorùbá nígbà náà tí wọn kò mọ Ìṣàwúrù, ẹlẹ́gbẹ́ òkùnkùn inú eré náà. N kò bá àwọn tí ó ṣe eré náà jà. Ẹ̀sìn wọn ni wọ́n ń wàásù, òfin sì fún wọn láyè. Ohun tí mo ń wí ni pé, nígbà tí ọmọdé bá rí ìlẹ̀kẹ̀, osùn àti iṣẹ́ ibi papọ̀ nígbà ọgọ́rùn-ún, tí kò sì sí ibòmíràn tí yóò ti rí babaláwo tí ń wo aláìsàn, tí ń parí ìjà, tí ń kìlọ̀ pé kí ènìyàn máà purọ́, kí ni ẹ fẹ́ kí ó gbà gbọ́?

Àwọn kan ṣe dáadáa. Nínú fíìmù Ṣaworoidẹ, tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ ìtàn rẹ̀ tí Túndé Kèlání sì darí ní 1999, babaláwo tí wọ́n pè ní Amáwomárò jẹ́ ẹni tí ó di ẹ̀jẹ́ ìlú mú tí kò sì ta á. Irú rẹ̀ kò pọ̀.

Owó ni ó jẹ́ gbòǹgbò ọ̀rọ̀ náà. Ilé-iṣẹ́ tí ó gbọ́dọ̀ bọ́ ara rẹ̀ yóò ta àkókò orí afẹ́fẹ́. Ìjọ ní ìdámẹ́wàá, ẹgbẹ́ mùsùlùmí ní owó ọrẹ, wọ́n lè ra wákàtí kan lọ́sẹ̀ fún odidi ọdún. Àwa kò ní irú àpò bẹ́ẹ̀. Owó tí aláwo bá rí, ilé rẹ̀ àti ọmọ awo rẹ̀ ni ó fi ń bọ́. Ìlànà NBC sọ pé ètò ẹ̀sìn kò gbọdọ̀ ju ìdá mẹ́wàá nínú ọgọ́rùn-ún àkókò ilé-iṣẹ́ lọ́sẹ̀, kí wọ́n sì fún àwọn ẹ̀sìn tí ó wà ládùúgbò láyè tí ó tọ́. Ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 pẹ̀lú sọ ní abala kẹwàá pé ìjọba kò gbọdọ̀ sọ ẹ̀sìn kankan di ti ìjọba. Òfin dára. Ṣùgbọ́n òfin kò ní wá sílé wa wá fi ọwọ́ fà wá dé iwájú kámẹ́rà.

Ìgbà kan wà tí ilé-iṣẹ́ kan pè mí pé kí n wá ṣàlàyé ọdún Ifá. Mo sọ̀rọ̀ fún wákàtí kan. Ohun tí wọ́n gbé jáde kò ju ìṣẹ́jú mẹ́rin lọ. Wọ́n yọ ìyẹ̀rẹ̀ kúrò, wọ́n yọ ibi tí mo ti sọ̀rọ̀ nípa ìwà kúrò, wọ́n fi orin ẹ̀rù sí abẹ́ ibi tí mo ti ń tẹ odù sójú ọ̀pọ́n. Kò sí irọ́ nínú ọ̀rọ̀ kankan tí ó jáde lẹ́nu mi nínú ìṣẹ́jú mẹ́rin náà, síbẹ̀ àpapọ̀ rẹ̀ di irọ́. Ọjọ́ náà ni ó yé mi pé pípe ènìyàn wọlé kò tó. Ẹni tí ó mú ọ̀bẹ tí wọ́n fi ń gé ọ̀rọ̀ ni ó ni ọ̀rọ̀.

Kẹtàdínlógún ti Àjọwá

Ọ̀rọ̀ kàn wá ní Àkókó ju bí ó ti kan ará Òṣogbo lọ. Ẹ gbọ́ orúkọ ìlú wa: Àjọwá. A jọ wá ni. Àwọn ìletò tí ó ti wà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ ni ó para pọ̀ di ìlú kan, Ojo, Uro, Daja, Esuku, Udo àti àwọn mìíràn wà nínú wọn. Bí a ti jọ wá tó, èdè wa kò jẹ́ ọ̀kan. Àwọn onímọ̀ èdè ka oríṣiríṣi sílùú wa: Uro, Ojo àti Udo bá èdè Arigidi tan, èdè Daja àti Esuku bá ti Gedegede àti Ìkáràmù tan, tí wọ́n ń pè ní Akpes, Ahan wà níbẹ̀ pẹ̀lú, èyí tí ìwọ̀nba ènìyàn díẹ̀ ń sọ ní Àjọwá, Igashi àti Ọmùò. Ará Ọ̀yọ́ tí ó bá bá àwọn arúgbó wa pàdé lẹ́nu ọ̀nà oko kò ní gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ.

Yorùbá ni a fi ń ná ọjà ní Ìkàrẹ́ àti Ọ̀kà, òun ni a fi ń kí ara wa nílé ìwé, òun náà ni a fi ń sun ẹsẹ Ifá. Mo fẹ́ràn rẹ̀, òun ni mo sì ń kọ yìí. Ṣùgbọ́n nígbà tí rédíò ìjọba àpapọ̀ bá ń ka ìròyìn ní Háúsá, Ìgbò, Yorùbá, tí ó sì kàn Ẹ̀dó, Tiv àti Kànúrí, kò sí èdè Àjọwá kan nínú wọn. Nígbà tí wọ́n dá ìpínlẹ̀ Oǹdó sílẹ̀ ní 1976, tí ilé-iṣẹ́ rédíò àti tẹlifíṣàn ìpínlẹ̀ sì dé Àkúrẹ́, ohùn sún mọ́ wa, ṣùgbọ́n Yorùbá àti Gẹ̀ẹ́sì ni ó gba ibi tí ó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Arúgbó tí ó ń bọ òkè àti odò àwọn baba rẹ̀ ní èdè Ahan jẹ́ ẹni tí a fi sẹ́yìn lẹ́ẹ̀mejì: onísẹ̀ṣe ni láàrin onígbàgbọ́ àti mùsùlùmí, elédè kékeré ni láàrin onísẹ̀ṣe.

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe lè dà bí àwọn mẹ́rìndínlógún náà. A ń kígbe pé wọn kò pè wá, àwa náà sì ní ẹni tí a kò pè. Nínú ìpàdé àwọn aláwo, ta ni ó ń sọ̀rọ̀? Ìyánífá mélòó ni a máa ń fi ṣe agbẹnusọ bí oníròyìn bá dé? Àwọn tí ń bọ òrìṣà ilẹ̀ tí kò sí nínú odù tí a mọ̀, ṣé a kì í fi ojú kékeré wò wọ́n? Olódùmarè yóò bi àwa náà pé mélòó ni yín.

Ó ṣeé ṣe kí èdè kékeré ní ilé ohùn tirẹ̀. Àwọn ará Wales ní ìlú ọba bá ìjọba fà á. Ní 1980, Gwynfor Evans, aṣáájú òṣèlú wọn, ní òun yóò febi pa ara òun bí ìjọba bá kọ̀ láti mú ìlérí tẹlifíṣàn elédè Welsh ṣẹ. Ìjọba yí ọkàn padà, S4C sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù kọkànlá ọdún 1982. N kò ní kí ẹnikẹ́ni febi pa ara rẹ̀ ní Àjọwá o. Mo kàn ń fi hàn pé àwọn tí wọ́n rí ilé ohùn béèrè rẹ̀ ni.

Ohun tí ó kù fún wa

Ayé ti yí díẹ̀. Ní 2005, àjọ UNESCO kéde Ifá gẹ́gẹ́ bí ogún ìṣẹ̀ǹbáyé tí gbogbo ayé gbọ́dọ̀ tọ́jú. Ní 2023, ìpínlẹ̀ Èkó, Ògùn, Ọ̀yọ́ àti Ọ̀ṣun fún àwọn òṣìṣẹ́ ní ìsinmi fún Ọjọ́ Ìṣẹ̀ṣe. Ẹni tí ó ní fóònù lónìí lè gbé ohùn ara rẹ̀ sáyé láìtọrọ àyè lọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ kankan. Oore ni. Ṣùgbọ́n àwọn tí kò jókòó ti olúwo fún oṣù mẹ́fà pàápàá ti ń fi ìlẹ̀kẹ̀ sọ́rùn, wọ́n ń ṣèlérí owó òjijì fún àwọn ọ̀dọ́ lórí Facebook. Ìwọ̀nyí ń fọwọ́ ara wọn ṣe ohun tí fíìmù ti fi ń bà wá lórúkọ jẹ́. Ìjókòó kámẹ́rà kò sọ ènìyàn di awo.

Mo dá àbá mẹ́rin, kí ẹ̀yin ọmọ Ifá gbé e yẹ̀ wò. Kí ẹgbẹ́ onísẹ̀ṣe ìlú kọ̀ọ̀kan da owó pọ̀, kí wọ́n ra ìdajì wákàtí lóṣù ní ilé-iṣẹ́ tí ó sún mọ́ wọn, kí wọ́n sì fi ìlànà NBC béèrè ẹ̀tọ́ wọn ní ìrọ̀rùn. Kí a rán àwọn ọmọ awo wa kan lọ kọ́ iṣẹ́ kámẹ́rà àti bí wọ́n ti ń gé àwòrán, kí ọ̀bẹ náà lè wà lọ́wọ́ wa. Kí ìyánífá wà nínú àwọn tí yóò máa sọ̀rọ̀, láti ọjọ́ àkọ́kọ́. Ẹ̀kẹrin kò gba owó: kí ọmọ Àjọwá, Gedegede, Òkè-Àgbè, níbikíbi tí ó bá wà, jókòó ti ìyá àgbà àti bàbá àgbà rẹ̀, kí ó gba ohùn wọn sílẹ̀ ní èdè tí wọ́n fi ń gbàdúrà. Ẹ ṣe é kíákíá, àwọn arúgbó ń lọ.

Àwọn Irúnmọlẹ̀ mẹ́rìndínlógún kò yé jẹ́ Irúnmọlẹ̀ nítorí pé wọ́n pe Ọ̀ṣun. Ìgbà tí wọ́n pè é ni òjò rọ̀. Kí òjò rọ̀ sí ilé wa, kí ó rọ̀ sí oko wa. Kí a máà di ẹni tí a kò pè, kí a má sì di ẹni tí kò pe ẹnì kejì rẹ̀. Ọ̀ṣẹ́tùúrá yóò gbé ẹbọ wa dé ọ̀run. Àbọrú, àbọyè, àbọṣíṣẹ.